Wọ́n ní ìyá mi jẹ ìjọba lówó, wọ́n fẹ́ yọ ọ́ nínú gírátúítì ẹ̀. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn

ỌmọAkọ̀wé
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o ẹ̀yin ará ilé. Ẹ má bínú pé ọ̀rọ̀ mi máa gùn díẹ̀, ọkàn mi ò balẹ̀ ni. Ìyá mi ṣiṣẹ́ akọ̀wé ní ìjọba ìbílẹ̀ fún ọdún 35 gbáko, April 1989 ni wọ́n gbà á, April 2024 ló fẹ̀yìn tì, ipele iṣẹ́ 13 (GL 13) ló parí sí. Láti ìgbà náà la ti ń retí gírátúítì, owó tí wọ́n máa ń san lẹ́ẹ̀kan fún ẹni tó bá fẹ̀yìn tì, wọ́n ní kó tò sórí ìlà, ó tò. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni wọ́n pè é pé ó ti fẹ́ẹ́ kàn án, inú gbogbo wa dùn, àfi bó ṣe débẹ̀ tí wọ́n na lẹ́tà kan sí i, ojú ìwé kan péré, pé nígbà tí wọ́n gbé e ga ní 2013 wọ́n ṣèèṣì fi step méjì (àtẹ̀gùn owó oṣù tó wà nínú ipele iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan) kún ibi tó yẹ kó wà, pé láti ìgbà náà ló ti ń gba ₦10,500 lóṣooṣù tí kì í ṣe tiẹ̀, oṣù 132, àpapọ̀ ẹ̀ ₦1,386,000, àti pé inú gírátúítì ẹ̀ ni wọ́n ti máa yọ ọ́. Wọ́n wá gbé fọ́ọ̀mù kan síwájú ẹ̀ pé kó sáìn pé òun gbà bẹ́ẹ̀.

Kò tíì sáìn o. Ó sọ fún wọn pé òun gbàgbé awò òun sílé. Ìgbà tó délé ó jókòó sórí àpótí nínú kíṣìnì pẹ̀lú báàgì ẹ̀ lọ́rùn ọwọ́, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú. Màmá tí kò jí kọ́bọ̀ ìjọba rí, òun kọ́ ló kọ iye tí wọ́n ń san fún un, wọ́n wá ń pè é ní ajigbèsè lẹ́yìn tó ti relé. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé wọ́n láṣẹ láti ṣe èyí? Kí la máa ṣe?

Ìyá Ṣadé
Ẹ pẹ̀lẹ́, ẹ bá mi kí màmá. Kí wọ́n má sáìn nǹkan kan o! Mo ń bọ̀ wá kọ tèmi, mo wà lọ́jà.

Bàbá Ọ́díìtì
Ọmọ mi, o kú àmójútó ìyá ẹ. Ọdún 28 ni mo fi ṣiṣẹ́ ọ́díìtì kí n tó fẹ̀yìn tì, èmi náà ti kọ irú lẹ́tà yẹn rí, torí náà jẹ́ kí n sọ bó ṣe máa ń rí nínú ọ́fíìsì fún ẹ.

Àkọ́kọ́, ká má tanra wa, owó àsanjù wà lóòótọ́. Bí ìjọba bá ṣèèṣì san ohun tí kì í ṣe ti òṣìṣẹ́, ó lè béèrè ẹ̀. Ẹni tó bá dàgbà ju 60 ọdún tàbí tó lò ju ọdún 35 lọ lẹ́nu iṣẹ́ (ẹ yọ àwọn tíṣà kúrò, òfin 2022 ti sọ tiwọn di 65 àti 40), owó oṣù tó gbà lẹ́yìn ọjọ́ tó yẹ kó lọ, wọ́n máa ń gbà á padà, mo ti rí i lọ́pọ̀lọpọ̀ ìgbà. Ẹni tó yá owó mọ́tò tàbí owó ilé tí kò san án tán, wọ́n á yọ ọ́, ìyẹn ò ní àríyànjiyàn nínú.

Àmọ́ jẹ́ ká wo ìṣirò tiyín. ₦10,500 lọ́nà 132, ₦1,386,000 náà ni, ìlọ́po yẹn péye. Ibi tó ti wọ́ ni pé iye kan ṣoṣo ni wọ́n fi lu gbogbo oṣù láti 2013 dé 2024. Ní 2013 owó oṣù tó kéré jù ní Nàìjíríà ₦18,000 ni. Ní 2019 ló di ₦30,000, tábìlì owó oṣù sì yí padà lẹ́yìn ẹ̀. Báwo ni step méjì ṣe máa jẹ́ ₦10,500 lórí tábìlì àtijọ́ kó tún jẹ́ ₦10,500 lórí tuntun? Ó jọ pé ìyàtọ̀ tó wà lórí páyísílíìpù ìkẹyìn ẹ̀ ni wọ́n mú, wọ́n wá fi ká gbogbo ẹ̀yìn, torí pé ìyẹn ló rọrùn jù fún ẹni tó jókòó ti kọ̀ǹpútà.

Ìkejì, step kì í lọ títí ayé. Tó o bá dé òkè ipele o dúró síbẹ̀, ẹni tó wà lẹ́yìn ẹ á bá ẹ níbẹ̀, ìyàtọ̀ tó wà láàárín yín á sì tán. Tí wọ́n bá tún gbé ìyá ẹ ga lẹ́yìn 2013, a gbọ́dọ̀ mọ step tí wọ́n gbé e sí lọ́jọ́ yẹn, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ọjọ́ yẹn gan-an ni àṣìṣe náà ti tán.

Ìkẹta, èyí ló ń dun èmi jù. Ṣé gbogbo oṣù 132 yẹn ni wọ́n san owó oṣù pé? Gbogbo wa rántí 2015 sí 2018, bí ọ̀pọ̀ ìjọba ìpínlẹ̀ ṣe ń jẹ òṣìṣẹ́ lówó oṣù, tí àwọn mìíràn ń san ìlàjì. Oṣù tí wọn ò san rárá, kí ni wọ́n san jù nínú ẹ̀?

Adéwálé Ọ̀nà Àbújá
Ẹ jẹ́ ká sòótọ́ o. Mo gbọ́ gbogbo tíwọ̀nyí ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń bá ìjọba ṣẹjọ́ lórí gírátúítì, fáìlì ẹ̀ ló máa kọ́kọ́ sọnù. Bàbá ìyàwó mi náà kọ̀wé ta kò wọ́n, ọdún mẹ́ta ni wọ́n fi sọ pé àwọn ń wá fáìlì. Èrò tèmi ni kí màmá gba ìyókù, kí wọ́n máa jẹun. Màmá ń dàgbà. Owó tó wà lọ́wọ́ ló ṣeé ra oògùn.

Ìyá Ṣadé
Mo ti dé. Ẹ̀gbọ́n Adéwálé, mo mọ ohun tí ẹ ń sọ, ebi kì í jẹ́ kéèyàn dúró de ẹjọ́. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ tèmi. Nígbà tí mo fẹ́ fẹ̀yìn tì wọ́n ní mo ṣì jẹ owó mọ́tò tí mo yá, ₦214,000. Èmi tí mo san án tán! Wọ́n mú lẹ́jà, ìwé tí wọ́n ń kọ owó sí, jáde, orúkọ mi wà níbẹ̀, gbèsè ló wà níwájú ẹ̀. Mo padà sílé, mo gbé agolo Bournvita tí ọkọ mi, kí Ọlọ́run tẹ́ ẹ sáfẹ́fẹ́ rere, máa ń kó páyísílíìpù mi sí, gbogbo ẹ̀ ló fi rọ́bà dì lọ́dọọdún. Mo ka ibi tí wọ́n kọ "car loan" sí níkọ̀ọ̀kan, 48 ló pé, èyí tó gbẹ̀yìn November 2009, oṣù tó tẹ̀ lé e kò sí níbẹ̀ mọ́. Mo ṣe fọ́tókọ́pì gbogbo ẹ̀, mo lẹ̀ ẹ́ mọ́ lẹ́tà mi. Nígbà tí ọ̀gá wọn rí i ó pe ọmọ tó ń tọ́jú lẹ́jà, ó jọ pé ẹnì kan tó ń jẹ́ orúkọ tó sún mọ́ tèmi ni wọ́n ń kọ ìsanwó mi sí. Kò sí kọ́ọ̀tù, kò sí lọ́yà, ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni, wọ́n pa gbèsè náà rẹ́.

Tí mo bá sáìn lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ńkọ́? Ó ti lọ nìyẹn. Torí náà kí màmá lọ wá páyísílíìpù wọn jáde, àní èyí tí èkúté ti jẹ etí ẹ̀.

Lọ́yà Ìdí Àpẹ
Ẹ ṣé gbogbo yín. Lọ́yà ni mí, ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ ni mo máa ń ṣe jù. Ohun tí mo fẹ́ kọ yìí kò ní kí ẹ má jókòó ti lọ́yà tó fojú rí ìwé yín o.

Ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999, abala 173 wà fún òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, abala 210 wà fún ti ìpínlẹ̀, ọ̀rọ̀ kan náà ló wà nínú àwọn méjèèjì. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé 210 ò kan ìjọba ìbílẹ̀, abala 318 ti ka òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ mọ́ òṣìṣẹ́ ìpínlẹ̀. Ohun tó sọ ni pé pẹ́ńṣọ̀n àti gírátúítì tí òfin bá ti fún èèyàn, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ dá a dúró tàbí kó yí i padà lọ́nà tó máa pa ẹni náà lára, àfi níwọ̀n tí òfin bá gbà. Ọ̀rọ̀ tó kẹ́yìn yẹn ni ìjà máa ń wà lórí ẹ̀. Òfin ni wọ́n kọ, wọn ò kọ "ìgbìmọ̀ tó ń yẹ fáìlì wò", wọn ò kọ "ọ̀gá sọ pé". Torí náà ìbéèrè àkọ́kọ́ tí ẹ máa bi wọ́n lórí ìwé ni: òfin wo, abala wo ló gbà yín láyè láti yọ owó yìí? Lẹ́tà tí kò dárúkọ òfin kankan, ẹsẹ̀ ẹ̀ ò rinlẹ̀.

Ẹ̀ẹ̀kejì, abala 36, ẹ̀tọ́ kí wọ́n gbọ́ tẹnu èèyàn kí wọ́n tó dá a lẹ́jọ́. Ṣé wọ́n pe màmá kí wọ́n tó pinnu pé ó jẹ gbèsè? Àbí ìdájọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ kọ, kí wọ́n tó wá ní kó fọwọ́ sí i?

Tó bá di kọ́ọ̀tù, National Industrial Court ni ẹ máa lọ, ìyẹn ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, ó wà ní Ìbàdàn, ó wà ní Àkúrẹ́, ó wà ní Èkó. Abala 254C ló fún un láṣẹ, òun náà ló sì jẹ́ kó lè wò ó bóyá ohun tí agbanisíṣẹ́ ṣe bá ìwà tó dáa jù mu ní àgbáyé. Ìdí nìyẹn tí mo fi máa ń gbé ẹjọ́ Íńdíà kan lọ síwájú wọn, State of Punjab àti Rafiq Masih, December 2014. Ilé ẹjọ́ tó ga jù níbẹ̀ sọ pé tó bá jẹ́ ìjọba ló ṣèèṣì sanwó jù, wọn ò gbọdọ̀ gbà á padà lọ́wọ́ àwọn òṣìṣẹ́ kékeré, tàbí ẹni tó ti fẹ̀yìn tì, tàbí ẹni tó kù ọdún kan kó fẹ̀yìn tì, tàbí tí wọ́n bá ti san owó náà ju ọdún márùn-ún lọ kí wọ́n tó ní kó dá a padà. Ẹ wo màmá, ó ti fẹ̀yìn tì, 2013 ni ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Kò di dandan kí adájọ́ tiwa tẹ̀ lé e o, ṣùgbọ́n ó máa gbọ́ ọ.

Ẹ wá gbọ́ ìdí tí mo fi ń sọ pé kí màmá má sáìn. Ní Íńdíà yẹn kan náà, ní 2016, ọ̀rọ̀ adájọ́ kan tó ń jẹ́ Jagdev Singh dé ilé ẹjọ́ yẹn. Nígbà tí wọ́n ń yí owó oṣù ẹ̀ padà ó ti sáìn sínú ìwé pé tó bá jẹ́ àsanjù òun á dá a padà. Ilé ẹjọ́ ní ọ̀rọ̀ tirẹ̀ yàtọ̀, kó dá owó padà, wọ́n kàn gbà kó máa san án díẹ̀díẹ̀. Ìwé tó sáìn ló mú un.

Ayọ̀délé NL
Ẹ̀gbọ́n Lọ́yà, wọ́n máa ń sọ pé tí oṣù mẹ́ta bá ti kọjá èèyàn ò lè pe òṣìṣẹ́ ìjọba lẹ́jọ́ mọ́?

Lọ́yà Ìdí Àpẹ
Òfin tó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba lò ń sọ. Oṣù mẹ́ta wà nínú ẹ̀ lóòótọ́, ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́fẹ̀yìntì ni wọ́n sì ti fi lé jáde ní kọ́ọ̀tù kí ẹnikẹ́ni tó gbọ́ ẹjọ́ wọn rárá. Ṣùgbọ́n Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù ní Àbújá ti sọ nínú ẹjọ́ Ajibola Johnson àti àjọ tó ń pín owó ìjọba pé òfin náà kò kan àdéhùn iṣẹ́. Bó ti wù kó rí, mi ò ní gba ẹnikẹ́ni níyànjú kó dúró. Ẹ jẹ́ kí ọjọ́ tí wọ́n fún màmá ní lẹ́tà wà lórí ìwé, kí ẹ sì ṣe ohun tí ẹ máa ṣe kí oṣù mẹ́ta tó pé, kí àríyànjiyàn yẹn má yọjú rárá. Ẹ tún ránti pé àwọn òfin ìjọba ìbílẹ̀ máa ń béèrè pé kí ẹ fún wọn ní ìwé ìfitónilétí kí ẹ tó pè wọ́n lẹ́jọ́, ìyẹn náà ń jẹ àkókò.

Ẹni tí agbára ẹ̀ ò ká owó lọ́yà, ẹ lọ bá Legal Aid Council, iṣẹ́ wọn nìyẹn.

Kọ́lá Fẹ́dírà
Ẹ dákun ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un torí ẹni tó máa ka èyí tó wà ní fẹ́dírà bíi tèmi. Tiwa yàtọ̀ díẹ̀. Láti 2004 a ti wà lórí RSA, ìyẹn àkáǹtì pẹ́ńṣọ̀n tí òṣìṣẹ́ kọ̀ọ̀kan ní, ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù látọ̀dọ̀ wa, 10 látọ̀dọ̀ ìjọba ní òfin pẹ́ńṣọ̀n 2014. Owó tó wà nínú RSA orúkọ èèyàn ló wà, ọwọ́ PFA, ilé iṣẹ́ tó ń bójú tó owó pẹ́ńṣọ̀n, ló wà, ọ̀gá níbi iṣẹ́ kò lè nawọ́ wọbẹ̀ lọ mú gbèsè. Àmọ́ ibi tí wọ́n ti máa ń mú wa ni ìwé tí wọ́n ń béèrè kí èèyàn tó lọ. Wọ́n máa ní kó o mú ìwé ẹ̀rí wá láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ń yáni lówó ilé, FGSHLB, pé o ò jẹ gbèsè. Má dúró di oṣù tó o fẹ́ lọ. Lọ béèrè ní ọdún méjì ṣáájú, torí tí lẹ́jà wọn bá ṣì ń kọ gbèsè sí ẹ lọ́rùn, o ṣì ní owó oṣù, o ṣì mọ ẹni tó wà ní account, o ṣì lè wọ ọ́fíìsì láìjẹ́ pé sìkíọ́ríìtì dá ẹ dúró ní géètì.

Ọpẹ́ Olúwa
Ẹ jọ̀ọ́ ọkọ mi kú sẹ́nu iṣẹ́ ní fẹ́dírà, wọ́n ní gbèsè tó jẹ máa jẹ gbogbo nǹkan. Ṣé òótọ́ ni?

Kọ́lá Fẹ́dírà
Ẹ pẹ̀lẹ́ mà, Ọlọ́run á tù yín nínú. Ẹ yà wọ́n sọ́tọ̀. Owó RSA wọn wà lọ́tọ̀. Owó insọ́ránsì ẹ̀mí tún wà lọ́tọ̀, òfin 2014 ní kí agbanisíṣẹ́ ra insọ́ránsì tó tó ó kéré tán ìlọ́po mẹ́ta àpapọ̀ owó ọdún kan fún òṣìṣẹ́ kọ̀ọ̀kan. Tí ẹnì kan bá ní gbèsè ti jẹ gbogbo ẹ̀, ẹ ní kó kọ ọ́ sílẹ̀ fún yín, èyí tó jẹ́ RSA, èyí tó jẹ́ insọ́ránsì, àti ìwé ibi tí ọkọ yín ti yá owó. Ẹ kọ̀wé sí PenCom, àjọ ìjọba tó ń mójú tó pẹ́ńṣọ̀n, tí wọn ò bá dá yín lóhùn.

Adéwálé Ọ̀nà Àbújá
Mo ti gbọ́ o. Ṣùgbọ́n ìbéèrè mi ṣì wà níbẹ̀: kí ni màmá á máa jẹ títí ẹjọ́ fi parí?

Bàbá Ọ́díìtì
Ìbéèrè tó dáa ni, àbúrò. Kò di dandan kí wọ́n yan ọ̀kan. Kí màmá kọ̀wé pé òun kò gba ₦1,386,000, kí wọ́n san ìyókù tí kò sí àríyànjiyàn lórí ẹ̀, kí wọ́n sì fi iye tí wọ́n ń jà lé lórí sílẹ̀ títí wọ́n á fi bá òun ṣírò. Kó kọ ọ́ sínú ẹ̀ gedegbe pé gbígbà tí òun gba ìyókù kò túmọ̀ sí pé òun gba gbèsè. Fún ẹni tó ṣe ọdún 35, gírátúítì ẹ̀ jẹ́ owó ọdún mẹ́ta, ìyẹn ìdá 300 nínú ọgọ́rùn-ún owó ọdún kan, ohun tí wọ́n fẹ́ yọ kọ́ ni gbogbo ẹ̀. Kí wọ́n má fi díẹ̀ há gbogbo ẹ̀ mọ́lẹ̀.

Ohun mìíràn nìyí, ẹ wò ó dáadáa: step wo ni wọ́n fi ṣírò gírátúítì fúnra ẹ̀? Tí wọ́n bá ti dá màmá padà sí step ìsàlẹ̀ kí wọ́n tó ṣírò ẹ̀, wọ́n ti gba nǹkan lọ́wọ́ ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, nínú gírátúítì àti nínú pẹ́ńṣọ̀n tó máa gbà títí ọjọ́ ayé ẹ̀. Ibi tó ń jẹ́ kéèyàn pàdánù jù nìyẹn, ojú kì í sì lọ síbẹ̀ torí pé ₦1,386,000 ló wà lórí lẹ́tà.

Lọ́yà Ìdí Àpẹ
Bàbá, ẹ kú làákàyè. ỌmọAkọ̀wé, béèrè ìwé mẹ́ta: ìwé ìgbéga 2013, variation tí wọ́n fi yí owó oṣù ẹ̀ padà lọ́dún náà, àti ìṣirò náà lóṣooṣù. Lo òfin FOI ti 2011, èyí tó fún aráàlú lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè ìwé lọ́wọ́ ìjọba, ọjọ́ méje ni wọ́n ní láti dáhùn. Tẹ́lẹ̀ àwọn ìpínlẹ̀ máa ń sọ pé òfin náà ò kan àwọn, ṣùgbọ́n ní April 2025 Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù sọ pé ó kàn wọ́n. Mú ẹ̀dà méjì dání, kí wọ́n tẹ sítáǹpù sí ọ̀kan fún ẹ. Tí wọ́n bá kọ̀ láti tẹ̀ ẹ́, fi kúríà ránṣẹ́ kó o tọ́jú ìwé kúríà.

ỌmọAkọ̀wé
Ẹ ṣeun ẹ̀yin àgbà, ẹ ò mọ ohun tí ẹ ṣe fún mi. Mo ti lọ lónìí. Ẹni tó gba lẹ́tà náà kà á lẹ́ẹ̀mejì, ó bi mí pé ta ló kọ ọ́ fún mi, mo ní èmi àti ìyá mi ni. Ó wọlé lọ, ó pẹ́, ó jáde, ó tẹ sítáǹpù sí i. Ó ní kí n padà wá ní Thursday tó ń bọ̀. Fọ́ọ̀mù tí wọ́n ní kí wọ́n sáìn ṣì wà nínú báàgì màmá, wọn ò dá a padà, wọn ò kọ nǹkan kan sí i.

Àwọn páyísílíìpù ńkọ́, kò pé, ṣùgbọ́n èyí tó wà pọ̀ ju bí mo ṣe rò lọ, abẹ́ bẹ́ẹ̀dì ni wọ́n wà nínú báàgì ìrẹsì. Wọ́n gbé e ga lẹ́ẹ̀kan sí i ní 2017, mo rí lẹ́tà ẹ̀! Nígbà tí mo sọ ohun tí Bàbá Ọ́díìtì wí fún màmá nípa oṣù tí wọn ò san, wọ́n dìde, wọ́n mú ìwé ẹ́sásáìsì ọmọ mi kan tó ṣẹ́kù ojú ìwé, wọ́n fa ìlà, wọ́n ń kọ oṣù kọ̀ọ̀kan láti 2013 síbẹ̀ pẹ̀lú rúlà, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe é ní ọ́fíìsì. Wọ́n ti dé 2015. Wọ́n ní kí n béèrè lọ́wọ́ Bàbá pé oṣù tí wọ́n san ní ìlàjì, ṣé kí àwọn kà á sí oṣù kan ni àbí ìlàjì?

Bàbá Ọ́díìtì
Sọ fún màmá kí wọ́n má kà á sí èyíkéyìí. Kí wọ́n kọ iye tó wọ báńkì gan-an, kọ́bọ̀ dé kọ́bọ̀, kí wọ́n sì kọ iye tó yẹ kó wọlé sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. Kó o lọ gba sítétímẹ́ǹtì báńkì láti 2013, kí wọ́n lù ú ní sítáǹpù. Tí ẹ bá ti ṣe tán, ya fọ́tò ojú ìwé ẹ́sásáìsì yẹn, bo orúkọ àti nọ́ńbà mọ́lẹ̀, kó o fi síbí, èmi á bá yín yẹ̀ ẹ́ wò láàárọ̀ ọjọ́ Wednesday kó o tó lọ.